Ẹni Tó Rẹ́rìn-ín Kí Adìyẹ Tó Jáde

Ẹjọ́ kan wọ ààfin lánàá, páálí ló sì ṣáájú rẹ̀ wọlé. Kí Baálẹ̀ tó jókòó, Morẹ́nikẹ́ ti wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri, ó ń fi sẹ́lótéèpù lẹ páálí ńlá kan mọ́ ọn. Ó lẹ igun mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, ó fi àtàǹpàkò tẹ ọ̀kọ̀ọ̀kan, ó sì fà á wò bóyá yóò já. Kò já. Lórí páálí náà, ó ti kọ ọ̀kan dé márùn-ún sí abẹ́ ara wọn, ó kọ ọjọ́ sí ẹ̀gbẹ́ mẹ́ta àkọ́kọ́, ó sì fi bíírò aláwọ̀ ewé mààkì wọn. Ẹ̀gbẹ́ ìkẹrin, bíírò pupa ló fi kọ ọ́ síbẹ̀: "Ó DÀ MÍ."

Ààfin tí mò ń wí yìí, ilé Olóyè Ọlátẹ́jú ni, Baálẹ̀ àwọn Yorùbá ní Ekurede-Urhobo, ní Warri. Pálọ̀ ni tẹ́lẹ̀, ṣùgbọ́n láti ọjọ́ tí wọ́n ti gbé àga pupa onítìmùtìmù wọ inú rẹ̀, kò sẹ́ni tó tún pè é ní pálọ̀ mọ́. Tẹlifíṣọ̀n ńlá kan wà níbẹ̀ tí wọ́n fi aṣọ bò, nítorí Baálẹ̀ ti sọ fún gbogbo ayé pé òun kì í wo ìranù.

Ìgbìmọ̀ mẹ́ta jókòó. Olóyè Bánkọ́lé jẹ́ ẹni ọdún méjìdínlọ́gọ́rin, ọdún tó kọjá ló jẹ oyè. Olóyè Akínrẹ̀mí jẹ́ ẹni ọdún méjìdínlọ́gọ́ta, ó ti tó ogún ọdún tó ti jẹ oyè tirẹ̀. Ẹ̀kẹta wọn ni Ìyá Ìkúnayọ̀, ọmọ Ìlàjẹ tó ń fi ọkọ̀ kó ẹja wá láti Ubeji. Ọkọ Morẹ́nikẹ́, Babátúnjí, dúró ní apá ọ̀tún, ó di ọwọ́ sẹ́yìn bí ọmọ ilé ìwé. Báàgì ńlá kan wà lẹ́sẹ̀ ìyàwó rẹ̀, ó kún débi pé síìpù rẹ̀ fẹ́ bẹ́.

"Kí ló gbé yín wá?" Baálẹ̀ béèrè.

"Bàbá, ọkọ mi ni. Ó lọ sójú omi, ó sì lọ wo ìkẹrin láìsí mi."

Olóyè Bánkọ́lé gbé orí sókè. "Ìkẹrin? Ó ti ní mẹ́ta nílé tẹ́lẹ̀?"

"Fíìmù ni, Bàbá."

"Háà. Máa wí."

"Fíìmù àwọn ajalèlókun ni, Bàbá. Fíìmù náà jẹ́ márùn-ún. Olórí àwọn ajalèlókun ni Ọ̀gá Elétíkan, wọ́n ti gé etí rẹ̀ kan."

Ìyá Ìkúnayọ̀ tẹ̀ síwájú. "Ajalèlókun wo? Àwọn tó gba ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ mi?"

"Rárá, Ìyá. Ti inú fíìmù ni. Wọ́n máa ń kọrin, wọ́n sì máa ń dé fìlà tó ní ìyẹ́."

"Àwọn tó gba tèmi kò kọrin. Wọn kò dé nǹkan kan sórí."

"Ìyá, ẹ jẹ́ kó rojọ́," ni Baálẹ̀ wí. "Morẹ́nikẹ́, kí ni àdéhùn yín?"

"Bàbá, ọ̀sẹ̀ méjì ni ọkọ mi fi ń wa epo lójú omi, ọ̀sẹ̀ méjì ló sì fi ń wà nílé. Nígbà tó mú mi wá láti Ìjẹ̀bú-Òde, n kò mọ ẹnìkan ní Warri yìí. Píjìn tí mo gbọ́ kò ju èyí tí mo lè fi ra tòmátì lọ. Ó wá ní kí n má ṣe jẹ́ kó sú mi. Ó ní a ó máa wo fíìmù yìí pọ̀, ọ̀kan nígbàkígbà tó bá dé. Ó ní ẹnikẹ́ni nínú wa kò gbọdọ̀ ṣáájú èkejì. Àwa méjèèjì la jọ kọ páálí yẹn."

"Ìwọ pa àdéhùn mọ́?"

"Bàbá, mo lọ dirun. Ibẹ̀ ni wọ́n ti fi ìkẹrin sórí tẹlifíṣọ̀n wọn. Mo dìde, mo jáde."

"Kí wọ́n tó di irun tán?"

"Apá kan ni wọ́n tíì dì."

Ìyá Ìkúnayọ̀ pàtẹ́wọ́. "Ọjọ́ yẹn ni mo rí i ní Main Market. Irun dídì lápá òsì, apá ọ̀tún dúró gangan. Mo rò pé ara rẹ̀ kò yá ni, mo tiẹ̀ gbàdúrà fún un."

"Ara mi yá, Ìyá. Mo ń rìn káàkiri kí fíìmù lè parí ni."

Olóyè Akínrẹ̀mí kọ nǹkan sínú ìwé rẹ̀. Kò sẹ́ni tó mọ ohun tó máa ń kọ.

"Báwo lo ṣe mọ̀ pé ọkọ rẹ ti wò ó?" ni Baálẹ̀ béèrè.

"Ọjọ́ Sátidé tó kọjá la jókòó láti wo ìkẹrin. Ibì kan wà níbẹ̀ tí ọ̀gá ọkọ̀ ti rí àgbá kan, ó rò pé wúrà ló kún inú rẹ̀. Ó ṣí i. Adìyẹ ló fò jáde, ó bà lé e lórí. Kò sẹ́ni tó máa rí i tí kò ní rẹ́rìn-ín. Ọkọ mi rẹ́rìn-ín."

"Ẹ̀ṣẹ̀ wo ló wà nínú kí ènìyàn rẹ́rìn-ín?"

"Bàbá, ìdérí àgbá ṣì wà lórí àgbá."

Àwa tó wá wòran lẹ́yìn wo ojú ara wa.

"Ó rẹ́rìn-ín kí adìyẹ tó jáde?"

"Mo fi rìmóòtù fà á sẹ́yìn, mo kà á. Ìṣẹ́jú àáyá mẹ́rin ni ẹ̀rín rẹ̀ fi ṣáájú adìyẹ. Mo tún fà á lẹ́ẹ̀kejì kí n má baà purọ́ mọ́ ọn. Mẹ́rin náà ni."

Baálẹ̀ yíjú sí ọkọ. "Babátúnjí, ǹjẹ́ o gbọ́?"

"Mo gbọ́, Bàbá. N kò wò ó ṣáájú. Iṣẹ́ mi ló kọ́ mi."

"Iṣẹ́ rẹ kọ́ ọ ní ẹ̀rín?"

"Ẹnjiníà ni mí. Ó ti tó ọdún mọ́kànlá tí mo ti ń bá àgbá ṣiṣẹ́. Nígbà tí ọ̀gá ọkọ̀ gbé àgbá náà, ó gbé e bí ẹni gbé ìrọ̀rí. Àgbá tí wúrà kún inú rẹ̀, ọkùnrin mẹ́fà kò lè gbé e. Mo ti mọ̀ pé adìyẹ ni."

"Kí ló dé tí kì í ṣe ewúrẹ́?" Olóyè Akínrẹ̀mí béèrè.

"Ihò afẹ́fẹ́ tí wọ́n lu sí i kéré fún ewúrẹ́, sà."

Olóyè Bánkọ́lé mi orí. "Ọmọ náà kàwé."

"Mo ní ẹlẹ́rìí, Bàbá," ni Babátúnjí wí. "Levi, wá. A jọ wà lójú omi ni."

Levi dìde. Ọmọ Urhobo ni, ó gbọ́ Yorùbá díẹ̀díẹ̀, ṣùgbọ́n Píjìn ló fi ń dáhùn. Tààrà láti ibi iṣẹ́ ló ti wá, bóòtù onírin ló wọ̀.

"Levi, ṣé ọ̀gá rẹ wo fíìmù lójú omi?"

"Papa, my oga no watch anything. E dey sleep."

"Ibo ló sùn sí?" ni Olóyè Akínrẹ̀mí béèrè.

"For front, sir."

"Iwájú kí ni?"

"Front of TV."

"Ojú rẹ̀ ńkọ́?"

Levi wo Babátúnjí, ó wo ilẹ̀. "E open small."

"Ta ló mú rìmóòtù dání?"

"Na him hold am. E say make nobody talk."

Babátúnjí fa aṣọ Levi. "Levi, ṣé ẹlẹ́rìí mi ni ẹ́ àbí tiwọn?"

"Oga, I don talk everything wey you tell me. You no tell me the part of remote."

Àwọn ènìyàn rẹ́rìn-ín. Levi rò pé ọ̀rọ̀ òun ti ń dùn, ó sì fi kún un. "Papa, e good heart o. E even cry."

Morẹ́nikẹ́ yíjú padà. "Ó sunkún? Níbo?"

"Where the mama stand for waterside dey wave her pikin. Everybody see am. E use my towel clean eye."

Ohùn Morẹ́nikẹ́ lọ sílẹ̀.

"Bàbá, ẹ gbọ́ fúnra yín. Nígbà tí a dé ibẹ̀ nílé, èmi ń sunkún, òun ń bó ẹ̀pà. Mo rò pé ọkùnrin kì í tètè sunkún ni. N kò mọ̀ pé omijé ọ̀hún ti tán. Èyí tó yẹ kó dà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, ó ti lọ dà á sínú táwẹ́lì Levi."

Ó na ọwọ́ sí báàgì rẹ̀.

"Ọ̀la, ọjọ́ Ajé, ọkọ̀ Ìjẹ̀bú-Òde máa gbéra. Ọjọ́ Ìṣẹ́gun ni òun náà ń padà sójú omi. Tí ẹ bá ní kò jẹ̀bi, màá gbé báàgì mi. Kí Levi máa bá a wo èyí tó kù."

"Madam, me I don watch am finish," ni Levi wí.

"Jókòó, Levi," ni Baálẹ̀ wí. "Babátúnjí, ojú rẹ là sílẹ̀ tàbí kò là?"

Babátúnjí mí kanlẹ̀. Ó rí i pé ọ̀rọ̀ àgbá kò gbà á mọ́, ó sì yí àwíjàre rẹ̀ padà.

"Bàbá, mo wò ó. Mo gbà. Ṣùgbọ́n n kò ba àdéhùn jẹ́. Ẹ bi ìyàwó mi léèrè ohun tí a sọ. A ní ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ ṣáájú. N kò ṣáájú."

"Kí lo wá ṣe?"

"Ẹ̀yìn ni mo lọ."

Baálẹ̀ bọ́ awò ojú rẹ̀, ó nù ún, ó tún wọ̀ ọ́. "Ṣàlàyé."

"Ìkẹrin ni wọ́n fi ṣe nọ́ńbà rẹ̀ nítorí òun ni wọ́n ṣe jáde lẹ́yìn mẹ́ta. Ṣùgbọ́n ìtàn inú rẹ̀ ti ṣẹlẹ̀ kí ìkíní tó bẹ̀rẹ̀. Ìgbà èwe Ọ̀gá Elétíkan ni. Etí rẹ̀ ṣì pé méjì. Nítorí náà, Bàbá, ohun tó ti kọjá ni mo lọ wò. Ẹni tó lọ bẹ ìgbà àtijọ́ wò, ta ló ṣáájú?"

"Ọ̀rọ̀ gidi nìyẹn," ni Olóyè Bánkọ́lé wí.

"Ọ̀rọ̀ gidi kọ́," ni Olóyè Akínrẹ̀mí wí.

Baálẹ̀ gbé ọwọ́ sókè. "Èyí fi hàn pé a kò lè dá ẹjọ́ yìí láìmọ fíìmù tó ṣíwájú àti èyí tó gbẹ́yìn. Ta ló mọ ètò wọn?"

"Mo pe Wàsíù," ni Morẹ́nikẹ́ dáhùn. "Òun ló kó wọn sórí fláàṣì fún wa."

Wàsíù bọ́ síwájú. Abẹ́ agboòrùn ní Main Market ló máa ń jókòó sí pẹ̀lú kọ̀ǹpútà àgbéléwọ̀n kan àti bátìrì ọkọ̀ tó ń gbé e, fíìmù ló sì ń kó fún àwọn ènìyàn. Kò sí ẹni tó kọ́ ọ. Ó kàn máa ń tú nǹkan wò títí yóò fi mọ ìdí rẹ̀ ni.

"Wàsíù, àwọn tó ṣe fíìmù yìí, ṣé wọ́n mọ̀ pé o ń kó o fún ènìyàn?"

"Bàbá, fíìmù àwọn tó ń gba nǹkan oní-nǹkan ni. Mo wò ó tán, mo sì ṣe bí wọ́n ṣe ń ṣe."

"A ó padà sí ọ̀rọ̀ yẹn. Ètò fíìmù ni kí o sọ fún wa."

"Wọ́n wà lórí páálí, Bàbá."

"Páálí yẹn jìnnà sí ojú mi. Fi nǹkan hàn mí tí mo lè rí."

Wàsíù wo ilẹ̀ yíká. Ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó mú ẹyọ bàtà kan lẹ́sẹ̀ Baálẹ̀, ó mú sálúbàtà Olóyè Bánkọ́lé, ó mú ti Olóyè Akínrẹ̀mí, ó ní kí Levi bọ́ bóòtù kan, ó sì mú sílípáàsì Ìyá Ìkúnayọ̀. Ó tò wọ́n sórí kápẹ́ẹ̀tì ní ìlà kan.

"Bí wọ́n ṣe ṣe wọ́n jáde nìyí. Ìkíní, bàtà Baálẹ̀. Ìkejì, ti Olóyè Bánkọ́lé. Ìkẹta, ti Olóyè Akínrẹ̀mí. Ìkẹrin, èyí tó fa ìjà, bóòtù Levi. Ìkarùn-ún, ti Ìyá."

"Kí ló dé tó jẹ́ èmi ni mo gbẹ́yìn?" ni Ìyá Ìkúnayọ̀ béèrè.

"Ìkarùn-ún ló dùn jù, Ìyá."

"Fi mí síbẹ̀."

"Ní báyìí, bí ìtàn ṣe ṣẹlẹ̀." Wàsíù gbé bóòtù Levi, ó gbé e lọ sí iwájú pátápátá, ó gbé e ka iwájú bàtà Baálẹ̀.

Ariwo sọ. Ẹnìkan lẹ́yìn ní irú kí lèyí, pé bóòtù àlejò wá ń ṣíwájú bàtà Baálẹ̀ nínú ilé Baálẹ̀. Levi fúnra rẹ̀ ń tọrọ àforíjì lọ́wọ́ bàtà.

"Ẹ fara balẹ̀," ni Olóyè Bánkọ́lé wí. "Wàsíù kò ṣìṣe. Ṣé ẹ ti gbàgbé ìbejì ni? Táyé ló ń kọ́kọ́ jáde, ṣùgbọ́n Kẹ́hìndé ni ẹ̀gbọ́n. Ó rán Táyé ṣíwájú pé kó lọ tọ́ ayé wò. Bí fíìmù yìí ṣe rí nìyẹn. Ìkẹrin ni ẹ̀gbọ́n. Ó rán ìkíní jáde láti lọ wò bóyá ayé dára. Ẹni tó bá dàgbà ni kó ṣíwájú."

Olóyè Akínrẹ̀mí ti ìwé rẹ̀ pa. "Ìbejì melòó lẹ bí, Olóyè? Ẹ jẹ́ ká sọ ohun tó wà nínú gbogbo agbo ilé. Ìyàwó tó bá kọ́kọ́ wọlé ni ìyálé, ì báà jẹ́ ọmọ ogún ọdún. Tí wọ́n bá gbé ẹni ogójì ọdún wọlé lẹ́yìn rẹ̀, yóò kúnlẹ̀ kí i. Ọjọ́ ìwọlé là ń kà. Kò sẹ́ni tó ń béèrè ọjọ́ ìbí ìyàwó."

"Ọjọ́ ìwọlé, àbí? Mo mọ ibi tí ọ̀rọ̀ yẹn ń lọ."

"Níbo ló ń lọ, sà?"

"Èmi ni mò ń bá wí."

"Ẹ̀yin lẹ sọ ọ́. Ṣùgbọ́n níwọ̀n ìgbà tí ẹ ti sọ ọ́, ta ló fi sálúbàtà tiyín ṣíwájú tèmi nínú ìlà yẹn? Ojú mi ni wọ́n ṣe fi yín joyè. Èmi ni mo gbé omi tí ẹ mu lọ́jọ́ náà."

"Akínrẹ̀mí, nígbà tí wọ́n bí ẹ, mo ti ń fá irùngbọ̀n."

"Ṣé irùngbọ̀n ni wọ́n fi ń jẹ oyè?"

Olóyè Bánkọ́lé na ọ̀pá rẹ̀, ó fi ti sálúbàtà Olóyè Akínrẹ̀mí sẹ́yìn. Olóyè Akínrẹ̀mí fi ẹsẹ̀ ti ti Olóyè Bánkọ́lé sẹ́yìn rẹ̀. Láàárín ìṣẹ́jú kan, fíìmù ìkejì ti wà lábẹ́ àga, ìkẹta ti dojú dé, Wàsíù sì ń rákò tẹ̀lé wọn, ó ń wí pé, "Ẹ̀yin bàbá, ìtàn ti ń dàrú, ìtàn ti ń dàrú."

"Ẹ wò wọ́n," ni Ìyá Ìkúnayọ̀ wí. "Wọ́n ní kí wọ́n wá tún ilé ẹlòmíì ṣe."

Baálẹ̀ fi àtẹ́lẹwọ́ lu apá àga. Wọ́n dákẹ́.

"Wàsíù, tún un tò bí wọ́n ṣe ṣe é jáde. Ó dáa. Sọ fún mi, tí ènìyàn bá kọ́kọ́ wo ti bóòtù yìí ṣáájú gbogbo wọn, kí ló máa bàjẹ́?"

"Bàbá, inú ìkẹrin la ti ń rí ẹni tó gé etí Ọ̀gá Elétíkan. Ẹni tó bá kọ́kọ́ wò ó yóò mọ ẹni tó gé etí kó tó mọ ẹni tó ni etí. Etí àjèjì ni lójú rẹ̀. Kò ní dùn ún."

"Tó bá wò ó bí wọ́n ṣe ṣe é jáde ńkọ́?"

"Ìkẹta ló máa bàjẹ́. Níbẹ̀ ni Ọ̀gá Elétíkan ti pàdé ọkùnrin kan. Ó yọ idà, ó wò ó, ó ti idà bọ inú àkọ̀ padà, ó bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún. Ẹni tí kò tíì wo ìkẹrin kò ní mọ ìdí rẹ̀. Kò mọ̀ pé ẹ̀gbọ́n rẹ̀ tó gé e létí ni."

"Òótọ́ ni," ni Morẹ́nikẹ́ wí. "Mo rò pé eruku ló kó sí i lójú."

"Eruku lórí agbami," ni Ìyá Ìkúnayọ̀ wí.

"Níbo ni ìbéèrè etí yìí ti kọ́kọ́ jáde?"

"Ìparí ìkejì, Bàbá. Ọ̀rẹ́bìnrin rẹ̀ ló bi í pé ta ló gé e létí. Kò dáhùn. Ibẹ̀ ni wọ́n ti parí rẹ̀."

Baálẹ̀ dìde pẹ̀lú ẹsẹ̀ kan tí kò ní bàtà. Ó rìn dé ibi ìlà náà.

"Ẹ wo ẹjọ́ tí à ń gbọ́ lọ́wọ́ yìí. Ṣé ojú omi la ti bẹ̀rẹ̀? Rárá. Ẹ̀rín la fi bẹ̀rẹ̀. Ìgbà tí ẹ̀rín yẹn rú wa lójú tán la tó bi Levi ohun tó ti ṣẹlẹ̀ sẹ́yìn. Ká ní Levi ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀, ta ni ì bá dá a lóhùn? Ká sì ní a dájọ́ tán kí a tó bi Levi, orí ta ni ìdájọ́ ì bá bà lé? Ibi tí ìbéèrè bá ti ń yún ènìyàn ni à ń padà sẹ́yìn. Lẹ́yìn ìyẹn la tó ń dájọ́."

Ó bẹ̀rẹ̀, ó gbé bóòtù Levi, ó sì gbé e sí àárín sálúbàtà Olóyè Bánkọ́lé àti ti Olóyè Akínrẹ̀mí. Irin tó wà lẹ́nu bóòtù náà dún lórí kápẹ́ẹ̀tì.

"Ìkíní, ìkejì, ìkẹrin, ìkẹta, ìkarùn-ún. Ètò tí a ó máa tẹ̀ lé nílẹ̀ yìí nìyẹn. Ẹ̀yin olóyè méjì, bóòtù onírin ti wà láàárín yín. Ẹni tó bá tún fẹ́ ti èkejì, ìka ẹsẹ̀ ara rẹ̀ ló fi ń ṣeré."

Ojú Babátúnjí tàn. "Bàbá, ẹ ṣeun. Tó bá jẹ́ pé ìkẹrin ló ń ṣáájú ìkẹta, mo jàre. Ohun tó ti kọjá ni mo wò lóòótọ́."

"N kò tíì dé ọ̀dọ̀ rẹ." Baálẹ̀ padà sórí àga. "Babátúnjí, o ní o kò lọ síwájú, ẹ̀yìn lo lọ. Mo gbà pé ẹ̀yìn lo lọ. Nígbà tí o dé ẹ̀yìn ọ̀hún, ṣé o bá ìyàwó rẹ níbẹ̀?"

"Rárá, Bàbá."

"Ẹni tó lọ síwájú láìmú ìyàwó rẹ̀ lọ, àti ẹni tó lọ sẹ́yìn láìmú ìyàwó rẹ̀ lọ, ibì kan náà ni wọ́n lọ. Ibi tí ìyàwó kò sí ni. O jẹ̀bi."

Babátúnjí tẹ orí ba.

"Gbọ́ ìdájọ́ rẹ. Ẹ̀yin méjèèjì yóò tún fíìmù náà wò láti ìbẹ̀rẹ̀, bí mo ṣe tò ó. Òní ni ẹ ó wo ìkíní, níhìn-ín, lójú wa. Ìyàwó rẹ yóò jókòó sórí àga mi. Rìmóòtù yóò wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ìwọ yóò jókòó níwájú rẹ̀, ìwọ yóò sì kọ ẹ̀yìn sí tẹlifíṣọ̀n. Ojú ìyàwó rẹ ni wàá máa wò. Tó bá rẹ́rìn-ín, kí o rẹ́rìn-ín. Tó bá sunkún, kí o sunkún. O kò gbọdọ̀ ṣáájú rẹ̀ pẹ̀lú ìṣẹ́jú àáyá kan."

"Bàbá, kí ni màá jókòó lé?"

"Báàgì yẹn. Jókòó lé e lórí kí ó má baà rìn."

Ìyá Ìkúnayọ̀ rẹ́rìn-ín títí ó fi di ẹ̀gbẹ́ mú.

"Bẹ́ẹ̀ ni wàá ṣe wo mẹ́rẹ̀ẹ̀rin," ni Baálẹ̀ tẹ̀ síwájú. "Ní ti ìkarùn-ún, tí ẹ̀yin méjèèjì kò tíì rí, ọjọ́ tí o bá wà lójú omi ni ìyàwó rẹ yóò wò ó. Òun nìkan. Ìwọ kò gbọdọ̀ gbọ́ ohun tó wà nínú rẹ̀. Levi, tí o bá sọ ọ́ fún un, bóòtù yẹn di tèmi."

"Papa, I no know anything again."

"Nígbà tí o bá dé, ẹ ó jọ wò ó. Morẹ́nikẹ́ lè rẹ́rìn-ín nígbà tó bá wù ú, kí adìyẹ tó jáde, kí wọ́n tiẹ̀ tó bí adìyẹ."

Babátúnjí wo ìyàwó rẹ̀. "Bàbá, ìyẹn le."

"Ìṣẹ́jú àáyá mẹ́rin ni," ni Morẹ́nikẹ́ wí. Ìyẹn ni ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ tó bá ọkọ rẹ̀ sọ láti òwúrọ̀.

Wàsíù lọ sídìí tẹlifíṣọ̀n, ó ká aṣọ kúrò lórí rẹ̀, ó fi ọwọ́ wá ibi tí yóò ki fláàṣì bọ̀. Ó dúró.

"Bàbá, fláàṣì tí mo kó fíìmù sí fún yín lọ́sẹ̀ tó kọjá ló wà níbí. Kí n yọ ọ́?"

"Yọ ọ́," ni Baálẹ̀ wí. "Dákẹ́ ẹnu rẹ, kí o sì yọ ọ́."

Morẹ́nikẹ́ lọ sídìí páálí rẹ̀. Ó fi bíírò fa ọfà láti ara ìkẹrin lọ sí àárín ìkejì àti ìkẹta, ó fa ìlà la ọ̀rọ̀ pupa yẹn kọjá, ó sì pa á dáadáa títí kò fi ṣeé kà mọ́. Akọ̀wé Baálẹ̀ lu òǹtẹ̀ ààfin sí ìsàlẹ̀ rẹ̀. Lẹ́yìn náà ni Morẹ́nikẹ́ jókòó sórí àga pupa, tí ẹnikẹ́ni yàtọ̀ sí Baálẹ̀ kò jókòó sí rí, ó mú rìmóòtù dání, Ìyá Ìkúnayọ̀ sì fa àga tirẹ̀ sún mọ́ ọn pé òun fẹ́ mọ bí àwọn tó gba ẹ́ńjìnnì ṣe ń gbé ilé wọn. Babátúnjí jókòó sórí báàgì níwájú ìyàwó rẹ̀, ó gbé ojú sókè sí i bí ẹni tó ń dúró kí òjò rọ̀.

A wò ó dé ìdajì láìsí wàhálà. Ìgbà tí Morẹ́nikẹ́ bá rẹ́rìn-ín, ọkọ rẹ̀ á rẹ́rìn-ín tẹ̀lé e, kò ṣáájú rárá. Nígbà tó yá, wọ́n dé ibi tí wọ́n ti ń sin awakọ̀ àgbà sínú òkun. Wọ́n fi aṣọ funfun wé e, gbogbo ajalèlókun bọ́ fìlà, Ìyá Ìkúnayọ̀ ti ń nu ojú, Baálẹ̀ fúnra rẹ̀ ti gbé àgbọ̀n lé ọwọ́.

Morẹ́nikẹ́ wo ojú ọkọ rẹ̀. Ó sì bú sẹ́rìn-ín.

Babátúnjí tẹ̀ lé òfin. Ó rẹ́rìn-ín, ó rẹ́rìn-ín kíkan, títí báàgì fi ń mì lábẹ́ rẹ̀. Ìgbà tó gbé ojú kúrò lára ìyàwó rẹ̀ ló rí i pé Baálẹ̀ àti ìgbìmọ̀ mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ti yíjú sí i.

"Òkú ni wọ́n ń sin, ìwọ ọmọ yìí," ni Olóyè Bánkọ́lé wí.

Morẹ́nikẹ́ fi rìmóòtù dá fíìmù dúró, ó ní kí wọ́n má bínú, ó sì fà á sẹ́yìn sí ìbẹ̀rẹ̀ ìsìnkú, kí ọkọ rẹ̀ lè tún rẹ́rìn-ín.